Ẹbọ Orí Ààlà

Ìbíwùmí, ọmọ Ọdẹ́níyì, gbé àdá àti agbọ̀n, ó gba oko obì bàbá rẹ̀ lọ gẹ́gẹ́ bí ìṣe rẹ̀. Òjò àkọ́rọ̀ ti bọ́, ilẹ̀ sì ti rọ̀ fún àgbàdo. Nígbà tí ó dé ẹsẹ̀ oko, ó rí òpó kúkúrú kan tí wọ́n fi sìmẹ́ǹtì mọ, tí wọ́n rì mọ́ ìdí igi obì tí ó dàgbà jù níbẹ̀. Wọ́n kọ nọ́ńbà sí i lára. Ó rìn síwájú, ó rí òmíràn, ó sì rí ọ̀dà pupa lára àwọn igi tí bàbá rẹ̀ fi ọwọ́ ara rẹ̀ gbìn. Obìnrin náà da agbọ̀n rẹ̀ dé, ó jókòó lé e.

Kò sí ẹni tí kò mọ Ìbíwùmí ní Òkè-Ayùn. Opó ni. Nínú gbogbo ọmọ tí Ọdẹ́níyì bí, òun nìkan ni ó kù láyé. Nígbà tí àìsàn dá bàbá rẹ̀ wó, ó kó ẹrù rẹ̀ padà sílé, ó wẹ̀ ẹ́, ó bọ́ ọ, ó sì dì í mú títí ọlọ́jọ́ fi dé. Láti ìgbà náà ni ó ti ń ro oko obì yìí, òun ni ó sì fi tọ́ àwọn ọmọ rẹ̀. Bí wọ́n bá gba oko náà lọ́wọ́ rẹ̀, kò ní ibòmíràn tí yóò dojú kọ.

Ó lọ sí ọ́fíìsì ilẹ̀ ìjọba. Akọ̀wé tí ó bá níbẹ̀ kì í ṣe ènìyàn líle. Ó wo fáìlì, ó tún un wò, ó wá sọ fún un pé orúkọ Ọlágòkè ọmọ Ọdẹ́wálé ni ó wà lórí ilẹ̀ náà, pé awọnlẹ̀ ti wọ̀n ọ́n, ìjọba sì ti fún un ní ìwé àṣẹ.

“Ọmọ àbúrò bàbá mi ni,” ni Ìbíwùmí wí. “Apá odò ni tirẹ̀. Bàbá bàbá wa ni ó pín in fún àwọn bàbá wa méjèèjì kí ó tó kú. Apá òkè ni tèmi, orí rẹ̀ ni mo sì wà títí di òní.”

“Mo gbọ́ yín, mà,” ni akọ̀wé dáhùn. “Ṣùgbọ́n ohun tí ẹnìkan bá mú wá, tí ẹlòmíràn kò sì wá takò ó, òun ni ìwé tiwa mọ̀. Ó di kóòtù kí á tó lè yí i padà.”

Kí á má purọ́ mọ́ Ọlágòkè, kì í ṣe ẹni tí a bí olè mọ́. Bàbá rẹ̀ kú nígbà tí ó wà ní ilé-ìwé, kò sì sí ẹni tí ó mú un lọ sí oko láti fi igi àti odò hàn án. Ohun tí ó gbọ́ dàgbà ni ọ̀rọ̀ tí ìyá rẹ̀ máa ń sọ nígbà tí inú rẹ̀ bá bàjẹ́, pé Ọdẹ́níyì ni ó mú ibi tí ó dára, tí ó fi ẹrẹ̀ sílẹ̀ fún àbúrò rẹ̀. Ó di ọkùnrin, ó ríṣẹ́ ní ìlú ńlá, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wo ilẹ̀ náà bí ohun tí a jẹ ẹ́ ní gbèsè. Nígbà tí awọnlẹ̀ bi í léèrè ibi tí ilẹ̀ ìdílé rẹ̀ dé, ó fi ọwọ́ yí gbogbo rẹ̀ ká, tòkè tìsàlẹ̀.

Ìbíwùmí pe ẹjọ́. Lọ́yà obìnrin kan gbà á, ó sì sọ fún un pé kí ó wá ẹlẹ́rìí. Ó tọ àwọn mọ̀lẹ́bí rẹ̀ lọ. Ọlágòkè ni ó fi páànù tuntun kan ilé ìdílé wọn, kò sì sí ẹni tí ó fẹ́ kí òjò tún máa pa òun. Wọ́n gbé àga fún un, wọ́n fún un ní omi, wọ́n kí i dáadáa, wọ́n sì sọ fún un pé ilé ọkọ ni obìnrin ti ń jogún. Ó mọ̀ pé irọ́ ni. Àwọn náà mọ̀ pé irọ́ ni. Ó dìde, ó sì lọ.

Nígbà tí ọ̀nà dí mọ́ ọn báyìí ni ó wá sí ọ̀dọ̀ Ìyá Ẹfúnyẹmí. Ìyálórìṣà ni, owó ẹyọ mẹ́rìndínlógún ni ó fi ń bi òrìṣà. Òun ni ó kọ́ mi ní iṣẹ́ yìí, ẹnu rẹ̀ ni mo sì ti gbọ́ ìtàn tí mo ń sọ. Ó ní kí Ìbíwùmí sọ ohun tí ó bá a wá sí etí owó ẹyọ náà ní jẹ́jẹ́. Ó gbọ̀n wọ́n, ó dà wọ́n sórí àtẹ, ó kà wọ́n. Odù Ọ̀wọ́nrín ni ó yọ. Ìyá bẹ̀rẹ̀ sí í kì í:

Ààlà ò lẹ́nu,
Àwọn tó bá a gbé ní í bá a fọhùn.
A dá a fún Aroko-má-kí-ará-oko,
Níjọ́ tó ń sunkún ilẹ̀ bàbá ẹ̀ kiri.
Wọ́n ní kó bọ orí,
Wọ́n ní kó sì bọ́ ẹnu.

“Ire ni mo rí,” ni Ìyá wí, “ṣùgbọ́n ire náà jìnnà díẹ̀ sí ọ. Iṣu, epo, ẹtù àti ẹmu ni ẹbọ rẹ. Orí ààlà oko rẹ ni wàá ti sè é. Díẹ̀ ni òrìṣà máa jẹ nínú rẹ̀. Àwọn tí ẹ jọ pààlà ni wọn yóò jẹ ìyókù, gbogbo wọn, láìku ẹnìkan. Èyí tí ìdílé yín bínú sí jù ni yóò kọ́kọ́ fi ọwọ́ kàn án. Bí ẹnu rẹ̀ kò bá sí níbẹ̀, ẹbọ náà kò dà.”

Ìbíwùmí mọ ẹni tí ọ̀rọ̀ náà ń bá wí.

Láníhùn ni, ẹni tí oko rẹ̀ kan oko obì náà lápá ìwọ̀ oòrùn. Nígbà tí Ìbíwùmí ṣì wà ní ọ̀dọ́, bàbá rẹ̀ àti Láníhùn jà lórí ilẹ̀ tóóró kan tí ó wà láàárín wọn. Ọdẹ́níyì gbé e lọ sí kóòtù ìbílẹ̀, ó sì jàre. Láníhùn fa ọkọ́ rẹ̀ sẹ́yìn, kò bá a jà mọ́. Ṣùgbọ́n inú Ọdẹ́níyì kò rọ̀. Ó ní ẹnikẹ́ni nínú ilé òun kò gbọdọ̀ bu iná tàbí omi fún ará ilé Láníhùn. Nígbà tí ìyàwó Láníhùn kú, gbogbo Òkè-Ayùn ni ó péjọ síbẹ̀ àfi ilé Ọdẹ́níyì. Wọ́n ti ilẹ̀kùn wọn, wọ́n jókòó sínú ilé, wọ́n ń gbọ́ ẹkún.

“Ìyá,” ni Ìbíwùmí wí níkẹyìn, “nígbà tí bàbá mi ń kú lọ, ó di ọwọ́ mi mú. Ó ní n kò gbọdọ̀ bá ilé Láníhùn da nǹkan pọ̀ láéláé. Mo ní mo gbọ́.”

Ìyá Ẹfúnyẹmí bẹ̀rẹ̀ sí í kó owó ẹyọ rẹ̀ jọ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan.

“N kò lè sọ fún ọ pé ọ̀rọ̀ bàbá rẹ kò tó nǹkan,” ni ó wí. “Ó le láti rú ẹbọ yìí, mo mọ̀. Iṣu àti ẹtù rọrùn láti rà. Èyí tí bàbá rẹ dì mọ́ ọ lọ́wọ́ yẹn ni ẹbọ gan-an. Òrìṣà ní kí o gbé e sílẹ̀.”

Ìbíwùmí lọ sílé. Ó wà níbẹ̀ títí àgbàdo àwọn ẹlòmíràn fi yọ orí, kò ṣe ohunkóhun. Ó ń lọ sí ibojì bàbá rẹ̀ ní ẹ̀yìnkùlé, á dúró, á sì padà. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, ó gbá ibojì náà mọ́, ó kúnlẹ̀ tì í, ó ní, “Bàbá, ẹ foríjì mí, mo ń lọ.” Ó wé gèlè rẹ̀, ó sì gba ọ̀nà ilé Láníhùn.

Ó bá bàbá náà níwájú ilé, ó ń fi èèkù tuntun sí ọkọ́. Ó kúnlẹ̀. Láníhùn wò ó, ó sì ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ.

“Ọmọ Ọdẹ́níyì,” ni ó wí nígbà tí ó yá, “ṣé o ṣìnà ni?”

“N kò ṣìnà, bàbá. Mo wá kí yín. Ẹ kú ará fẹ́ra kù ti ìyàwó yín.”

Ọwọ́ Láníhùn dúró lórí ọkọ́. “Ó ti pẹ́ tí a ti sin ín,” ni ó wí. “Koríko ti hù lórí rẹ̀, ó ti kú, ó tún ti hù.”

“Mo mọ̀, bàbá. Inú ilé ni mo wà lọ́jọ́ náà, mo ń gbọ́ ẹkún yín. Ó yẹ kí n wá.”

Bàbá náà ní kí ó dìde, kí ó má ba aṣọ jẹ́. Ó bi í léèrè ohun tí ó ń fẹ́ lọ́wọ́ òun.

“Wọ́n ní kí n ṣe ẹbọ lórí ààlà, kí ẹ sì kọ́kọ́ fi ọwọ́ kan oúnjẹ náà. Bí ẹ bá kọ̀, ẹ kò jẹ̀bi.”

“Mo gbọ́ pé o wà ní kóòtù. Ṣé nítorí ẹjọ́ ni?”

“Wọn kò dárúkọ ẹjọ́ fún mi, bàbá. Oúnjẹ ni wọ́n ní kí n fún yín.”

“Máa lọ,” ni Láníhùn wí. “Bí mo bá ń bọ̀, wàá rí mi.”

Lọ́jọ́ tí ó dá, Ìbíwùmí gbé ààrò kalẹ̀ nítòsí àwọn igi pèrègún tí wọ́n fi pààlà. Ó se iṣu, ó se ẹtù. Àwọn tí oko wọn yí i ká dé ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, tọkùnrin tobìnrin, tìyanu tìyanu, nítorí pé kò sí ẹni tí ó ti jẹun rí nínú oko Ọdẹ́níyì. Ó bu ti òrìṣà sílẹ̀. Oúnjẹ ń tutù, wọ́n ń wo ojú ara wọn. Láníhùn kò sí níbẹ̀. Ẹnìkan ní kí wọ́n bẹ̀rẹ̀, Ìbíwùmí mi orí.

Oòrùn ti ń dẹ ọwọ́ kí bàbá náà tó yọ láti inú oko tirẹ̀. Ó dúró ní ẹ̀gbẹ́ tirẹ̀ lẹ́yìn pèrègún, kò kọjá. Ó jókòó sórí kùkùté igi kan. Ìbíwùmí gbé àwo lọ bá a, ó kúnlẹ̀ ní ẹ̀gbẹ́ tirẹ̀, ó na àwo náà kọjá ààlà. Láníhùn mú iṣu, ó fi run epo, ó jẹ ẹ́. Ó jẹ ẹ́ pẹ́.

“Bàbá rẹ le,” ni ó wí.

“Ó le sí èmi náà, bàbá.”

Àwọn tí ó wà níbẹ̀ rẹ́rìn-ín, Láníhùn náà sì rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ìgbà náà ni gbogbo wọ́n na ọwọ́. Wọ́n jẹ, wọ́n mu ẹmu, wọ́n sọ̀rọ̀ nípa ọ̀yà tí ń jẹ iṣu àti òjò tí ó ṣe ségesège. Kò sí ẹni tí ó dárúkọ kóòtù.

Ní àkókò kan náà, oorun dá lójú Ọlágòkè. Bí ó bá sùn, ó máa ń rí ara rẹ̀ nínú igbó tí kò mọ ọ̀nà rẹ̀. Ìyá rẹ̀ ni ó mú un wá sí ọ̀dọ̀ Ìyá Ẹfúnyẹmí, nítorí pé òun ni ó mọ̀ láti ìgbà èwe. Ìyálórìṣà dá owó ẹyọ fún un bí ó ti dá a fún Ìbíwùmí, kò sì sọ ọ̀rọ̀ ẹnìkan fún ẹnìkejì.

“Àgbò kan ni,” ni ó wí fún un. “Mú un lọ sí ilé ẹ̀gbọ́n rẹ, kí ẹ jọ jẹ ẹ́ kí kóòtù tó jókòó. Lẹ́yìn náà, padà sí ibi tí o ti gba ìwé, kí o sì yọ ohun tí kì í ṣe tìrẹ kúrò nínú rẹ̀. Ilẹ̀ kan wà tí ó jẹ́ tìrẹ lóòótọ́. Mo bẹ̀ ọ́, má jẹ́ kí ó bá èyí lọ.”

Ọlágòkè kò bínú. Ó rẹ́rìn-ín bí àgbà ti ń rẹ́rìn-ín sí ọmọdé. “Ìyá, ìjọba ti fi òǹtẹ̀ lù ú. Kí ni àgbò fẹ́ ṣe sí òǹtẹ̀?”

Ìyá rẹ̀ fà á láṣọ, ó ní kí ó gbọ́. Ọlágòkè ní òun ti gbọ́. Ó dìde, ó dọ̀bálẹ̀ fún ìyálórìṣà nítorí ọ̀wọ̀ àgbà, ó sì lọ. Ìyá Ẹfúnyẹmí sọ fún mi pé òun fi ojú sìn ín títí ó fi wọ mọ́tò, pé àánú rẹ̀ ṣe òun, nítorí pé ọmọ tí kò rí ẹni fi ọ̀nà oko hàn án ni.

Ọjọ́ ẹjọ́ pé. Ọlágòkè mú ìwé àṣẹ rẹ̀ jáde, ó mú àwòrán tí awọnlẹ̀ yà jáde, gbogbo rẹ̀ sì mọ́ lójú. Adájọ́ bi í léèrè àwọn tí òun àti wọ́n jọ pààlà. Ó dárúkọ ẹnìkan tí ó ti kú tipẹ́tipẹ́, ó dárúkọ ẹlòmíràn tí oko rẹ̀ kò sí nítòsí ibẹ̀ rárá.

Ó kan ìhà ti Ìbíwùmí. Kò mọ̀ pé ẹnìkan yóò jáde fún òun ju àwọn obìnrin aládùúgbò oko méjì tí lọ́yà ti bá sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ní àárọ̀ ọjọ́ náà, Láníhùn ti dé ẹnu ọ̀nà kóòtù pẹ̀lú ọ̀pá rẹ̀, ó ti sọ fún lọ́yà náà pé òun ní ohun tí òun fẹ́ sọ. Wọ́n mú un gun orí àpótí ẹlẹ́rìí. Ó fi irin búra. Ó ní ilẹ̀ náà, láti ibi pèrègún dé ibi àpáta, ti Ọdẹ́níyì ni, àti pé láti ibi àpáta sí odò ni ti Ọdẹ́wálé.

Lọ́yà Ọlágòkè dìde. “Bàbá, ṣé òótọ́ ni pé obìnrin yìí se ẹtù fún yín?”

“Òótọ́ ni. Mo sì jẹ ẹ́.”

“Ẹ jẹ oúnjẹ rẹ̀, ẹ wá ń jẹ́rìí fún un.”

Ìbíwùmí tẹ orí ba. Ó rò pé ẹbọ tí òun rú ni yóò wá pa òun.

“Ọmọ mi,” ni Láníhùn wí, “ṣé wọ́n sọ fún ọ pé ọ̀rẹ́ ni èmi àti bàbá rẹ̀? Ọdẹ́níyì gbé mi lọ sí kóòtù lórí apá kan ilẹ̀ yìí kan náà. Mo ní tèmi ni, ó ní tòun ni, wọ́n dá a láre, mo sì jẹ̀bi. Láti ọjọ́ náà, òun àti èmi kò kí ara wa títí ó fi kú. Bí ilẹ̀ náà bá jẹ́ ti ẹlòmíràn, inú ta ni ì bá dùn ju tèmi lọ láti wá sọ bẹ́ẹ̀? Ti Ọdẹ́níyì ni. Ọwọ́ mi ni ó ti gba apá yẹn.”

Lọ́yà náà wo ìwé ọwọ́ rẹ̀, ó sì jókòó. Àwọn ẹlẹ́rìí tí ó kù tẹ̀lé e. Ọ̀nà kan náà ni gbogbo wọn tọ̀. Adájọ́ lọ fi ojú ara rẹ̀ wo pèrègún àti àpáta. Nígbà tí ó padà, ó dá Ìbíwùmí láre, ó sì fagi lé ìwé àṣẹ Ọlágòkè látòkè délẹ̀, nítorí pé irọ́ ni ó fi gbà á.

Kí Ìbíwùmí tó lọ sílé, ó tọ Láníhùn lọ lábẹ́ igi tí ó jókòó sí. Ó fẹ́ dúpẹ́, ó bú sẹ́kún. Bàbá náà sọ fún un pé kí ó má sunkún. Ó ní, “O wá kí mi kú ará fẹ́ra kù. Mo ti ń retí rẹ̀ láti ilé yín.”

Àwọn òpó sìmẹ́ǹtì kúrò nílẹ̀. Ìbíwùmí gba ìwé ìjọba ní orúkọ ara rẹ̀, àwọn tí wọ́n jọ pààlà sì fi ọwọ́ sí i. Obì ń so, ó ń tà á. Iná ń lọ láti ilé rẹ̀ sí ilé Láníhùn, omi ń bọ̀ láti ibẹ̀. Nígbà tí Láníhùn kú, ọmọ Ọdẹ́níyì ni ó kọ́kọ́ dé.

Ṣùgbọ́n ìwé tí wọ́n fagi lé náà gba apá odò lọ pẹ̀lú, èyí tí ó jẹ́ ti Ọlágòkè láìsí àríyànjiyàn. Ìdílé kan láti òdìkejì odò gbọ́ pé ilẹ̀ náà kò lórúkọ mọ́. Wọ́n sọdá, wọ́n gbin ìrẹsì, wọ́n kọ́ ilé. Ọlágòkè wá lé wọn, wọ́n bi í léèrè ẹni tí ó mọ̀ ọ́n níbẹ̀. Kò rí ẹnìkan dárúkọ. Ìbíwùmí gbọ́, ó ránṣẹ́ sí i pé kí ó wá, pé òun yóò jẹ́rìí fún un. Ojú tì í, kò dáhùn. Ó tún ránṣẹ́. Kò dáhùn. Nígbà tí ó fi wá, ilé àwọn àlejò náà ti di abúlé.

Ìbíwùmí gbà á sílé, ó se oúnjẹ fún un, ó sì bá a lọ sí kóòtù. Ó gun orí àpótí kan náà, ó sọ ohun tí ó mọ̀. Adájọ́ gba apá kan padà fún Ọlágòkè. Ìyókù, àwọn tí ó wà lórí rẹ̀ ti fìdí múlẹ̀ jù kí á tó lè ṣí wọn nídìí. Ibi tí ahéré bàbá rẹ̀ wà ni ó wà nínú èyí tí ó lọ.

Wọ́n jọ dúró lórí àpáta lọ́jọ́ tí wọ́n pààlà tuntun náà, wọ́n ń wo èéfín tí ń rú láti abúlé ọ̀hún.

“Ẹ̀gbọ́n mi,” ni Ọlágòkè wí, “wọ́n ní kí n mú àgbò kan wá fún yín nígbà kan.”

“N kò mọ̀,” ni Ìbíwùmí dáhùn.

“Mo ní àgbò náà nílé. Èmi ni n kò mú un wá.”

Ó fi aṣọ nu ojú. Ìbíwùmí fi ọwọ́ lé e léjìká.

Bí Ìyá Ẹfúnyẹmí ti sọ ọ́ fún mi ni mo ṣe sọ ọ́ yìí, ẹni tí Ọ̀wọ́nrín bá sì yọ fún lórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ ni mo máa ń sọ ọ́ fún. Ẹni tí ó gbọ́ ẹbọ tí ó sì rú u ní ìrora, ó jèrè ilẹ̀, ó sì jèrè ènìyàn. Ẹni tí ó gbọ́ tirẹ̀ tí ó rẹ́rìn-ín, àbámọ̀ ni ó fi ń ro èyí tí ó kù.